Ọ̀rọ̀ Dídùn Kò Mú Ilé Móoru

Ọjọ́ kejì oṣù Kejìlá ni Reino Hautala kọ́kọ́ bá Odile Cloutier sọ̀rọ̀, àtakò ló sì fi bẹ̀rẹ̀. Odile wà lórí àkàbà níwájú gbọ̀ngàn ìjọ Àgùdà ní ìlú Timmins ní Kánádà, ó ń to lẹ́tà sára pátákó tó dojú kọ títì. Ọdọọdún ló máa ń kọ ọ̀rọ̀ Kérésìmesì síbẹ̀. Ti ọdún yẹn ni: "Ọkàn líle a máa yọ́, bí ó bá rí ẹni bá a yáná."

Reino dá ọkọ̀ dúró, ó yọrí síta, ó kà á tán.

"Màdáámù, ta lẹ ń kọ ìyẹn fún?"

"Ẹni tó bá dúró kà á," Odile dáhùn láìbojú wẹ̀yìn. "Ẹ sì ti dúró."

Reino kò mọ ìgbà tí ẹ̀rín bọ́ lẹ́nu rẹ̀. Ó sọ̀ kalẹ̀, ó di àkàbà mú fún un.

Ẹni ọdún mọ́kànlélógójì ni. Ẹ̀rọ tó ń mú ilé móoru ló ń tún ṣe. Gbogbo ìlú ló mọ ọwọ́ rẹ̀ fún iṣẹ́, wọ́n sì mọ ẹnu rẹ̀ fún ìkorò. Bí Kérésìmesì bá ti ń sún mọ́lé, ojú rẹ̀ a faro, a ní ẹ̀tàn ni gbogbo rẹ̀. Odile ní tirẹ̀ jẹ́ olùkọ́ àwọn ọmọdé, oníyọ̀nú ènìyàn tí kì í jẹ́ kí ìjà pẹ́ nínú rẹ̀. Kò pẹ́ tí àwọn méjèèjì fi ń jẹun pọ̀ lọ́jọ́ Àìkú. Kí yìnyín tó yọ́, ìfẹ́ ti wọ̀ wọ́n lára.

Ọjọ́ kan nínú oṣù Kẹta ni Reino sọ ohun tó wà nínú rẹ̀ fún un. Ọmọ ọdún mọ́kànlá ni nígbà tí ihò kùsà wó pa bàbá rẹ̀, ó ku ọ̀sẹ̀ kan kí wọ́n ṣe Kérésìmesì. Gbogbo ìlú ló wá kí ìyá rẹ̀. Káàdì tí wọ́n kó wá kún ara ògiri, ọ̀rọ̀ ìfẹ́ àti ọ̀rọ̀ ìlawọ́ lóríṣiríṣi. Nígbà tí oṣù Kìíní wọlé, kò sẹ́ni tó yọjú mọ́. Igi ìdáná tán. Káàdì wọ̀nyẹn ni ìyá rẹ̀ fi ń dáná sí igi tútù, ọ̀kọ̀ọ̀kan, títí ògiri fi ṣófo. Ikọ́ tó mú un nígbà òtútù yẹn kò fi í sílẹ̀ títí tó fi kú.

 Odile gbá a mọ́ra.

Armand, bàbá Odile, ni ìdíwọ́ wọn. Awakùsà tó ti fẹ̀yìn tì ni, ọ̀dọ̀ ọmọ rẹ̀ ló ń gbé. Bí Reino bá wọlé, bàbá a dìde kúrò nídìí oúnjẹ. Ó ní ọkùnrin náà kì í ṣe ọmọ ìjọ àwọn, ó ní inú rẹ̀ korò jù. "Ẹni tí kò lè bá ènìyàn rẹ́rìn-ín kò ní fún ọ láyọ̀," ló máa ń wí. Odile gbà pé ìdí náà kò jù bẹ́ẹ̀ lọ.

Kérésìmesì kejì tún sún mọ́lé. Odile ń ṣètò oúnjẹ ọ̀sán fún ogójì arúgbó tó ń dá gbé, wọn yóò jẹ ẹ́ ní gbọ̀ngàn lọ́jọ́ tó ṣáájú ọdún. Ó sọ ọ́ nídìí oúnjẹ, ó sì bẹ Reino kó wá bá òun pín in.

"Ẹ ó bọ́ wọn lọ́jọ́ kan," ni Reino wí, "títí ọdún á fi yípo, ẹnikẹ́ni ò ní kan ilẹ̀kùn wọn. Ara yín lẹ ń tù nínú."

Armand lu tábìlì, ó ní kó jáde nílé àwọn. Odile tẹ̀ lé e dé ẹnu ọ̀nà. Reino rò pé yóò gbè é, ṣùgbọ́n omijé ti kún ojú Odile.

"Ayọ̀ mi, àwọn tí kò ṣẹ̀ ọ́ lo ń nà fún ohun tí àwọn mìíràn ṣe. N kò lè fẹ́ ọkùnrin tí oore tí mo ń ṣe ń bí nínú. Máa lọ."

Ó lọ. Ọ̀sẹ̀ méjì kọjá, wọn kò gbúròó ara wọn. Kò sí èyí tó ń sùn dáadáa nínú àwọn méjèèjì.

Ní àárọ̀ ọjọ́ oúnjẹ náà, òtútù le débi pé itọ́ ń di yìnyín kó tó kanlẹ̀. Ní aago méje ni ẹ̀rọ gbọ̀ngàn kú. Odile pe àwọn atúnṣe méjì. Ọ̀kan ti rìnrìn-àjò, èkejì kò gbé fóònù.  Odile pe Reino.

Reino gbé fóònù. "Mò ń bọ̀," ló wí.

Ó dé, ó kí i bí ẹni ń kí oníbàárà, ó tú ẹ̀rọ náà. Ẹ́ńjìnnì tó ń ti atẹ́gùn gbígbóná jáde ti jóná. Gbogbo ilé ìtajà ti tì. Ó di ẹ̀yìn ọdún kí òmíràn tó dé.

"Màá ní kí wọ́n má wá mọ́," ni Odile wí. "Àwọn kan ti múra láti ìdájí."

Reino wò ó títí. "Fún mi ní wákàtí kan."

Ó padà wá, ó fi ẹ̀wù òtútù rẹ̀ we ẹ́ńjìnnì kan lọ́wọ́. Odile bi í níbi tó ti rí i. Ó ní òun ní i nílé ni. Ó ku ìṣẹ́jú mẹ́wàá kí aago méjìlá lù tí atẹ́gùn gbígbóná fi tú jáde, tí àwọn àgbàlagbà bẹ̀rẹ̀ sí í bọ́ ẹ̀wù. Odile bẹ̀ ẹ́ kó jókòó jẹun. Ó mirí, ó jáde.

Nígbà tí wọ́n ń pín páì ẹran, Armand bi ọmọ rẹ̀ léèrè ibi tí ẹ́ńjìnnì náà ti wá. Odile sọ fún un. Bàbá gbé fọ́ọ̀kì sílẹ̀.

"Kò sẹ́ni tó ń tọ́jú irú rẹ̀ sílé lásán. Ara ẹ̀rọ ilé tirẹ̀ ló ti yọ ọ́. Bá mi mú ẹ̀wù mi."

Kí wọ́n tó dé ilé Reino, oòrùn ti ń wọ̀. Yìnyín ti bo gbogbo fèrèsé ilé náà látinú. Odile kanlẹ̀kùn, kò sí ìdáhùn. Ó kígbe orúkọ rẹ̀, kò sí ìdáhùn. Ẹ̀rù gbà á lọ́kàn. Ó ti ilẹ̀kùn ṣí, ó sáré wọ yàrá abẹ́ ilé.

Òtútù ti mú kí páìpù omi bẹ́. Reino kúnlẹ̀ nínú omi, ìka rẹ̀ funfun bí ẹfun, ó ń gbìyànjú láti dí i. Odile gba ọwọ́ méjèèjì, ó tì wọ́n bọ abẹ́ ẹ̀wù ara rẹ̀, ó ń sunkún.

"Kí ló dé tí o ò sọ fún mi, olólùfẹ́ mi?"

"O kì bá tí gbà á."

Armand dúró lórí àtẹ̀gùn. Ó dojú kọ Reino.

"Èmi àti bàbá rẹ la jọ ń wa kùsà. Mo ṣèlérí igi ìdáná fún ìyá rẹ. Mo ní á rí i ní Sátidé. Iṣẹ́ dí mi lọ́wọ́ ní ọ̀sẹ̀ kìíní. Lẹ́yìn náà, ojú ń tì mí láti wá. Kì í ṣe torí pé inú rẹ korò ni mo fi ń sá fún ọ."

Reino yíjú sí i.

"Gbogbo Sátidé ni màmá mi ń wo ọ̀nà lójú fèrèsé," ló wí. "N kò mọ̀ pé ẹ̀yin ló ń retí."

Omijé ń ṣàn lójú bàbá arúgbó náà. Odile di ọwọ́ Reino mú gírígírí, kò mọ èyí tí yóò ṣẹlẹ̀. Omi ń ya lulẹ̀.

"Bàbá," ni Reino wí, "ẹ bá mi di páìpù yìí mú. Ọwọ́ mi ò ká a mọ́."

Armand sọ̀ kalẹ̀, ó kúnlẹ̀ sínú omi tútù náà, ó di páìpù mú títí wọ́n fi rí i dí.

Ọ̀dọ̀ wọn ni Reino sùn títí ẹ̀rọ rẹ̀ fi dé. Ní oṣù Kìíní, nígbà tí gbogbo ìlú ti tú iná Kérésìmesì kúrò lára ilé, òun àti Armand bẹ̀rẹ̀ sí í wọ ọkọ̀ kan náà lọ sílé àwọn arúgbó náà, láti yẹ ẹ̀rọ wọn wò.

Oṣù Karùn-ún ni wọ́n dá ìgbéyàwó sí. Nígbà tó ku ọ̀la, Odile bi í bóyá ó ti dárí ji bàbá òun.

Reino ronú sí i. "Kò tíì tán nínú mi," ló wí. "Ṣùgbọ́n lọ́jọ́ tí kò bá bá mi lọ, ọkọ̀ yẹn máa ń dá páropáro."