Àpò Èlùbọ́ Abẹ́ Bẹ́ẹ̀dì Jàrátù

"Olè! Ìyálé tó ń jalè! Abẹ́ bẹ́ẹ̀dì rẹ ni wọ́n ti bá ẹ̀rọ ìjọba tí wọ́n torí ẹ̀ gbẹ́sẹ̀ lé owó ọkọ wa!"

Fulera ló ń pariwo báyìí láàárín agbo ilé, ní Òmù-Àrán, sí Jàrátù ìyálé rẹ̀. Kò tilẹ̀ lè fi "ẹ" bá a sọ̀rọ̀ mọ́! Bẹ́ẹ̀, Fulera, obìnrin burúkú yìí, ló mọ ẹni tó gbé ẹ̀rọ náà síbẹ̀ ju ẹnikẹ́ni lọ.

"Fulera, Ọlọ́hun ń wo gbogbo wa," ni Jàrátù dáhùn, ó sì ń bó iṣu rẹ̀ lọ.

"Má fi Ọlọ́hun bojú! Àbí Mẹ́kà tí o ò rí lọ ló ń dùn ọ́?"

Mẹ́kà gan-an ni gbòǹgbò ọ̀rọ̀! Ọlágúnjú ọkọ wọn jẹ́ sítókípà, olùtọ́jú ilé ẹrù, níbi iṣẹ́ omi ìjọba, ó sì kù díẹ̀ kó fẹ̀yìn tì. Ó ti ṣèlérí pé bí owó ìfẹ̀yìntì òun bá jáde, Jàrátù tó bá òun jìyà ni òun yóò kọ́kọ́ rán lọ sí Mẹ́kà. Láti ọjọ́ náà ni oúnjẹ kò ti lọ lọ́nà ọ̀fun Fulera mọ́. Kí wọ́n máa pe Jàrátù ní Alájà? Kó máa fi eyín wúrà rẹ́rìn-ín lójú òun? Owú jẹ ẹ́ dé egungun.

Ó jí kọ́kọ́rọ́ sítọ́ò ibi iṣẹ́ náà lábẹ́ ìrọ̀rí ọkọ rẹ̀, ó lọ gbé ẹ̀rọ kékeré kan tí wọ́n fi ń fa omi, ó kì í bọ inú àpò, ó da èlùbọ́ lé e lórí, ó rán ẹnu àpò, ó sì fi orí rù ú wọlé lọ́sàn-án gangan. Ta ni yóò yẹ ẹrù wò lórí obìnrin tó ru èlùbọ́? Ó tì í sábẹ́ bẹ́ẹ̀dì ìyálé rẹ̀, ó sì ta ọlọ́pàá lólobó. Jàrátù wà lóko nígbà tí wọ́n wá gbé àpò náà lọ.

Ó rò pé ọkọ yóò lé Jàrátù ni. Kò mọ̀ pé Ọlágúnjú tí kọ́kọ́rọ́ sítọ́ò wà lọ́wọ́ rẹ̀ ni wọ́n máa gbé lọ sílé ẹjọ́, àti pé ìjọba kò ní san kọ́bọ̀ nínú gírátúítì àti penṣọ̀n rẹ̀ títí ẹjọ́ yóò fi parí! Ìgbà náà sì le, àwọn èèyàn ń tò sórí ìlà nítorí mílíìkì tó wọ́n. Tìjání, ọmọ Fulera fúnra rẹ̀, kúrò nílé ẹ̀kọ́. Ẹni tó da eérú ni eérú ń tọ̀! Iṣu sísun tí Jàrátù ń tà ni gbogbo wọn ń jẹ, síbẹ̀ Ọlágúnjú kì í wo ojú rẹ̀.

Ọjọ́ ẹjọ́ pé. Ọlọ́pàá gbé àpò síwájú adájọ́. Ìdí rẹ̀ ni wọ́n ti fi ọ̀bẹ ya, ẹnu rẹ̀ ṣì wà ní rírán. Jàrátù tẹjú mọ́ ẹnu àpò náà.

Níbi ẹ̀rọ tí wọ́n ti ń lọ èlùbọ́, olúkúlùkù obìnrin ló ní bó ṣe ń rán ẹnu àpò tirẹ̀, kó má bàa pò mọ́ ti ẹlòmíràn. Fulera a máa fi àkísà pupa so etí méjèèjì. Bó ṣe mọ́ ọn lára náà ló ṣe rán àpò ìkà!

"Adájọ́, èmi ò ní dárúkọ ẹnikẹ́ni," ni Jàrátù wí. "Ṣùgbọ́n Janet tó ni ẹ̀rọ ìlọ-èlùbọ́ wà níjòókòó. Ẹ ní kó wò ó."

Janet ò dúró kí wọ́n pe òun. "Yéè! Etí pupa! Àpò Fulera rèé!"

"Irọ́ ni! Wọ́n jí àpò mi ni!"

"Fulera," ni Ọlágúnjú wí, "ṣé o lè fi Kùránì búra?"

Fulera káwọ́ lérí. Ó wó lulẹ̀. "Owú ni o! Mi ò fẹ́ kí wọ́n pè é ní Alájà!"

Ẹ̀wọ̀n ni ó ti ibẹ̀ lọ. Adájọ́ dá Ọlágúnjú sílẹ̀, ìjọba san owó rẹ̀ pátá, Ọlágúnjú sì bẹ Jàrátù tomijé-tomijé. Jàrátù ní kí wọ́n kọ́kọ́ dá Tìjání padà sílé ẹ̀kọ́ ná, kí òun tó lọ sí Mẹ́kà.

Nígbà tí Fulera jáde lẹ́wọ̀n, ilé bàbá rẹ̀ ní Òkè-Ọdẹ ló lọ, ó ń ta èlùbọ́. Ọjọ́ kan, Tìjání wá kí i, ó gbé ẹrù oúnjẹ kalẹ̀.

"Ìyá mi," ni ọmọ náà wí, "Alájà ní kí n kí yín."