Bàtà Tí Sinegugu Gé Kúrò

Gbogbo akẹ́kọ̀ọ́ ló ń wo àwòrán bàbá ńlá Sinegugu lára ògiri gbọ̀ngán. Asà wà lọ́wọ́ rẹ̀, ojú rẹ̀ le koko. Sinegugu kọ ọ́ sábẹ́ rẹ̀ pé: "Akọni tó bá àwọn òyìnbó jagun." Olùkọ́ Mbatha sì ti sọ pé ó dà bíi pé Sinegugu ló máa gba ẹ̀bùn ìtàn ọdún yìí. Kò sẹ́ni tó mọ̀ pé ó ti fi abẹ gé ìsàlẹ̀ àwòrán náà, ó sì fi èyí tó gé pamọ́ sínú ìwé rẹ̀, torí bàtà iṣẹ́ kùsà ló wà lẹ́sẹ̀ akọni.

Wọ́n ta aṣọ bo fèrèsé, sinimá bẹ̀rẹ̀. Sinimá ayé ọjọ́un ni, ẹnu ń mì, a kò gbọ́ ohùn. Ogun ilẹ̀ Súlù ni wọ́n ń ṣe. Àwọn òyìnbó ń yìnbọn lẹ́yìn kẹ̀kẹ́ ẹrù, àwọn Súlù ń ṣubú gbì gbì, òyìnbó kan ṣoṣo kò sì fara pa.

"Bàbá mi rèé!" MaXulu, ìyá àgbà Sinegugu tí wọ́n pè wá wo sinimá náà, pariwo níwájú. "Yéè, ó ti kú!"

Kò pẹ́, ọkùnrin náà tún sáré jáde.

"Ó tún kú!"

Nígbà tó kú lẹ́ẹ̀kẹta, ẹ̀rín ti gba gbọ̀ngán.

"Màmá àgbà, ṣé bàbá yín kì í kú tán ni?" Andile, ọmọ kíláàsì wọn, bi í.

"Àwọn tó ṣe sinimá ò rí èèyàn tó pọ̀ tó ni! Ibi iṣẹ́ kùsà ni wọ́n ti lọ kó òun àtàwọn ẹgbẹ́ ẹ̀ wá ṣubú. Wo bàtà iṣẹ́ ẹ̀, kò tiẹ̀ bọ́ ọ!"

Olùkọ́ Mbatha yíjú padà. "Sinegugu, ṣé ẹni inú àwòrán ẹ kọ́ nìyẹn?"

Ọ̀rẹ́ Sinegugu fẹnu kò ó létí: "Sọ pé wọ́n jọra ni. Kò kúkú sí bàtà nínú tìẹ."

Sinegugu wo ìyá àgbà rẹ̀ tó ń nu omijé ẹ̀rín, ojú ara rẹ̀ sì tì í. Ṣé níṣojú ìyá àgbà ni yóò ti sẹ́ bàbá rẹ̀? Ó dìde, ó mú bébà tó gé náà jáde látinú ìwé, ó sì fi í sábẹ́ àwòrán.

"Òun ni, sà. Èmi ni mo gé ẹsẹ̀ ẹ̀."

Ẹ̀bùn bọ́ sọ́wọ́ Andile, tó kọ ìtàn kànga abúlé wọn. Ó dun Sinegugu gan-an.

"Ẹni tó ṣe sinimá yìí yọ ohun tí kò wù ú, ikú àwọn òyìnbó, kúrò nínú ogun wa," Olùkọ́ Mbatha sọ. "Ìwọ náà yọ bàtà. Irọ́ kan náà ni. Bí ìtàn bá ṣe rí ni ká ṣe sọ ọ́."

MaXulu ní tirẹ̀ fa ọmọ náà mọ́ra.

"Bàbá mi kú lẹ́ẹ̀mẹ́ta lọ́jọ́ kan, ó dìde, ó rìn wálé. Ẹsẹ̀ yẹn ló gbé e wá bí mi, ìwọ wá gé e!"