Ìbéèrè Tí Kíákíá Kò Kà

"Kíákíá! Jọ̀wọ́, bá mi bu omi wá."

Ohùn bàbá rẹ̀ ló pè é bẹ́ẹ̀ láti pálọ̀, àmọ́ ẹnu bàbá rẹ̀ kò ṣí rárá. Inú kọ̀ǹpútà alágbèéká tó wà lórí tábìlì ni ohùn náà ti jáde. Kíákíá mí kanlẹ̀. Kò tíì bọ́ aṣọ ilé ìwé lọ́rùn. Ó ti fọ abọ́, ó ti gbálẹ̀, ó ti ká aṣọ lórí okùn, gbogbo ara ló sì ń ro ó. Síbẹ̀, ó bu omi náà lọ.

Bàbá gbà á, ó rẹ́rìn-ín músẹ́, ó tẹ bọ́tìnì mìíràn. Kọ̀ǹpútà ní, "O ṣeun, ọmọ mi. Wàá dàgbà, wàá dògbó."

"Àmín, Bàámi." Bí ẹni ń ka ohun tó ti há sórí ló ṣe dáhùn.

Nígbà kan, kò sí ẹni tó ń wọ ọkọ̀ ojú irin nílùú yẹn tí kò mọ ohùn bàbá yìí. Òun ni olùkéde ní ibùdókọ̀. Bó bá ti gbé gbohùngbohùn sẹ́nu, ẹni tó ń sùn á jí, ẹni tó ń jà á dákẹ́ kó lè gbọ́ ibi tí ọkọ̀ rẹ̀ máa gbà. Àfi bí àìsàn ṣe wọ ọ̀nà ọ̀fun rẹ̀. Dókítà ní bí wọ́n bá máa rí ẹ̀mí rẹ̀ gbà là, wọ́n á yọ gògóńgò rẹ̀ ni. Ẹ̀mí ni àbí ohùn? Ta ni yóò mú ohùn?

Kí wọ́n tó gbé e wọ yàrá iṣẹ́ abẹ, wọ́n fi áàpù kan sórí kọ̀ǹpútà fún un, irú èyí tí wọ́n ṣe fún àwọn tí kò lè sọ̀rọ̀ mọ́. Bàbá fi gbogbo ọjọ́ tó kù jókòó sábẹ́ kúbùsù, kí ariwo àdúgbò má bàa dà pọ̀ mọ́ ọ̀rọ̀ rẹ̀, ó ń gba ohùn ara rẹ̀ sílẹ̀ ní gbólóhùn kọ̀ọ̀kan. Ó gba ìkíni, ó gba àwàdà, ó gba ìbáwí, ó gba ẹ̀rín. Ó tilẹ̀ gba ikọ́. Ìyàwó rẹ̀ bi í pé kí ló fẹ́ fi ikọ́ ṣe.

"Bí àlejò bá jókòó pẹ́ jù," ni bàbá wí, "n ó kàn tẹ̀ ẹ́ ni."

Bí wọ́n ṣe ń bá ayé wọn lọ láti ìgbà náà nìyẹn. Ìyá ń fọ aṣọ ibùsùn ní ilé ìwòsàn, bó bá sì ti lọ láàárọ̀, ọwọ́ Kíákíá ni ilé ń wà bó bá ti ilé ìwé dé. Ìyá náà ló sọ ọ́ ní Kíákíá, nítorí kò sí ohun tó ń ṣe tí kì í fi ìkánjú ṣe. Ó máa ń wẹ̀ tán kí ọṣẹ tó hó. Ó máa ń parí ìdánwò ṣáájú gbogbo kíláàsì, á sì fi ìdí rẹmi nínú ohun tó mọ̀. Ní ti kọ̀ǹpútà, ọ̀gá ni. Gbogbo àdúgbò ló ń gbé tiwọn wá kó bá wọn fi áàpù sí i. Àpótí ìbéèrè yòówù kó yọ lójú kọ̀ǹpútà, kì í kà á. Tẹ̀síwájú, tẹ̀síwájú, bẹ́ẹ̀ ni, ó ti parí.

Ṣùgbọ́n ká sòótọ́, ó ti rẹ ọmọ náà. "Kíákíá! Jọ̀wọ́" yẹn kì í yàtọ̀. Ìró kan náà ni láàárọ̀, òun náà ni lálẹ́. Kì í bínú, kì í rẹ̀ ẹ́, kì í gbàgbé. Nígbà mìíràn á sọ ọ́ nínú ọkàn rẹ̀ pé ì bá dára kí ohùn yìí sinmi díẹ̀. Ohùn náà padà sinmi lóòótọ́, Kíákíá sì rò ó títí pé bóyá òun ló fẹnu fà á.

Lọ́sàn-án ọjọ́ kan, bàbá lo oògùn rẹ̀ tán, ó wọlé lọ sùn. Bí ọ̀rẹ́ Kíákíá tí wọ́n ń pè ní Ọ̀gá Kámẹ́rà ṣe kanlẹ̀kùn nìyẹn, tó ń mí hẹlẹhẹlẹ. Kíláàsì wọn ti ya fíìmù kúkúrú kan fún ìdíje àwọn ilé ìwé, bí ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ yẹn bá sì ti kọjá, wọn kò ní gbà á mọ́. Kọ̀ǹpútà ilé ìwé ti kọṣẹ́, wọn kò sì tíì gé fíìmù náà pọ̀.

"Ìwọ nìkan ló kù," ni Ọ̀gá Kámẹ́rà wí. "Áàpù tí wọ́n fi ń gé fíìmù nìyí. Bá wa fi í sórí tiyín."

Kíákíá ṣí kọ̀ǹpútà, ó tẹ̀ ẹ́ síwá, ó tẹ̀ ẹ́ sẹ́yìn. "Àyè ò sí. Áàpù yín ti tóbi jù."

"Yọ nǹkan kan kúrò. Èwo lèyí tó gba àyè tó báyìí?"

"Ti Bàámi nìyẹn. Òun ni wọ́n fi ń sọ̀rọ̀."

"Wọ́n ṣáà ń sùn. Bá a bá ti fi fíìmù ránṣẹ́ tán, a máa dá a padà síbẹ̀. Wọn ò tiẹ̀ ní mọ̀."

"Jẹ́ n kọ́kọ́ jí wọn, kí n bi wọ́n."

"Tí wọ́n bá ní rárá ńkọ́?" Ọ̀gá Kámẹ́rà kawọ́ lérí. "Gbogbo kíláàsì ló ń wojú rẹ o. Ìwọ tó jẹ́ pé o lè yọ áàpù kó o sì dá a padà kí omi tó hó. Àbí ẹnu lásán ni?"

Kíákíá wo ilẹ̀kùn yàrá. Ó mọ̀ pé bíbéèrè ló yẹ. Ṣùgbọ́n bí bàbá bá jí, omi ni, oògùn ni, ìrọ̀rí ni, ọjọ́ á sì ti lọ. Ó rẹ̀ ẹ́ kó tó bẹ̀rẹ̀. Ó tẹ ibi tí wọ́n ti ń yọ áàpù kúrò.

Àpótí kékeré kan yọ lójú kọ̀ǹpútà. Ìlà àkọ́kọ́ ní ṣé ó dá a lójú pé kí áàpù náà kúrò. Ìlà tó tẹ̀ lé e ní gbogbo ohùn tí wọ́n ti gbà sínú rẹ̀ yóò parẹ́ pẹ̀lú, kò sì ní ṣeé rí mọ́, ṣé bẹ́ẹ̀ ló fẹ́? Ojú Kíákíá kò dé ìlà kejì. Ọwọ́ rẹ̀ ti tẹ "Bẹ́ẹ̀ ni".

Wọ́n fi áàpù tuntun sí i, wọ́n gé fíìmù, wọ́n fi ránṣẹ́. Ọ̀gá Kámẹ́rà dì mọ́ ọn, ó sáré jáde lọ ròyìn fún àwọn yòókù. Kíákíá yọ áàpù fíìmù kúrò, ó dá ti bàbá padà, inú rẹ̀ sì ń dùn pé kò tilẹ̀ pẹ́. Ó ṣí i. Ojú kọ̀ǹpútà funfun báláú. Kò sí bọ́tìnì kankan níbẹ̀, àfi ọ̀rọ̀ kan tí wọ́n kọ sáàárín: "Ẹ káàbọ̀. Ẹ gba ohùn yín àkọ́kọ́ sílẹ̀."

Ó tì í, ó tún un ṣí. Ó tún un tì. Ẹ káàbọ̀ náà ni.

Ìgbà náà ni bàbá jáde láti yàrá, ó ń nu ojú oorun. Ó jókòó, ó na ọwọ́ sí bọ́tìnì tó ti mọ́ ọn lọ́wọ́, kò bá nǹkan kan níbẹ̀. Ó wo kọ̀ǹpútà. Ó wo Kíákíá.

"Mi ò mọ̀ o, Bàámi," ni Kíákíá wí. "Bóyá ó kọṣẹ́ ni."

Bàbá la ẹnu bí ẹni fẹ́ béèrè nǹkan. Èémí lásán ló gba ihò tí wọ́n dá sí i lọ́rùn níbi iṣẹ́ abẹ jáde. Ẹ̀rù ba Kíákíá débi pé ó yíjú sí ògiri.

Nígbà tí ìyá dé tòun ti òórùn ọṣẹ ilé ìwòsàn lára, kò ráyè bọ́ bàtà. Òun àti Kíákíá gbé kọ̀ǹpútà náà, ó di ọ̀dọ̀ obìnrin tó ń tún un ṣe ní ìkángun òpópónà. Obìnrin náà wò ó títí, ó sì mi orí.

"Màmá, kọ̀ǹpútà kì í dá irú èyí ṣe. Ó máa ń béèrè kó tó pa nǹkan rẹ́. Ẹnì kan ló dá a lóhùn pé bẹ́ẹ̀ ni."

Ìyá yíjú sí ọmọ rẹ̀. Kíákíá rò pé kí òun tún purọ́, àmọ́ irọ́ náà kò jáde mọ́.

"Èmi ni, Màámi. Èmi ni mo yọ ọ́. Mo rò pé bí mo bá dá a padà, gbogbo ẹ̀ á padà ni."

"Áàpù ló padà," ni obìnrin náà wí, ohùn rẹ̀ sì rọ̀. "Ohun tí wọ́n kó sínú rẹ̀ kò padà. Èyí tó o fi sí i lẹ́yìn rẹ̀ tóbi, ó ti kọ́lé sórí ilẹ̀ ibẹ̀. Mo wá a, mi ò rí i. Ẹ má bínú, Màmá. Omi ló dànù, agbè ò fọ́."

Ìyá jókòó sórí àga ìjókòó àwọn oníbàárà. "Kànga tí a ti pọn omi yẹn ti gbẹ," ló wí.

Kíákíá ń retí ìgbátí. Ìgbátí kò wá, èyí sì burú ju ìgbátí lọ.

"Ó rẹ̀ mí, ọmọ yìí," ni ìyá wí. "Àtọdún tó kọjá ni bàbá rẹ ti ní kí n ra fíláàṣì wá, kí a da gbogbo ẹ̀ kọ síbòmíràn. Mò ń sọ pé ọ̀la, ọ̀la. Ẹ̀bi tèmi náà wà ńbẹ̀. Ṣé o mọ èyí tó dùn mí jù? Èyí tí a ti ń gbọ́ kọ́. Ó gba àdúrà ọjọ́ tí o bá yege ìdánwò àṣekágbá. Ó gba ti ọjọ́ ìgbéyàwó rẹ. Ó ní òun ò ní jẹ́ kí ẹnikẹ́ni gbọ́ ọ kọ́jọ́ tó pé."

Níbẹ̀ ni Kíákíá ti bẹ̀rẹ̀ sí í sunkún. Ó sunkún dé ilé, ó sì fẹnu ara rẹ̀ jẹ́wọ́ fún bàbá.

Àwọn adájọ́ ìdíje náà fún kíláàsì wọn ní ipò kẹta. Wọ́n pàtẹ́wọ́ fún Kíákíá níwájú gbogbo ilé ìwé. Kò lè wo fíìmù náà.

Ilé wá dákẹ́. Kíákíá á jókòó sílé ìdáná, á máa retí kí wọ́n pe òun, ẹnikẹ́ni kò ní pè é. Áàpù náà ní ohùn tirẹ̀ tó lè fi ka ohun tí wọ́n bá tẹ̀, àmọ́ ohùn ọ̀hún ń sọ Yorùbá bí àlejò tó kọ́ ọ lánàá. Ẹ̀ẹ̀kan péré ni bàbá gbìyànjú rẹ̀. Ó pa kọ̀ǹpútà dé, ó ń kọ ohun tó bá fẹ́ sórí bébà, oúnjẹ kò sì wọlé sí Kíákíá lẹ́nu dáadáa mọ́.

Ní òpin ọ̀sẹ̀, ó kúnlẹ̀ síwájú bàbá rẹ̀. "Bàámi, mo mọ̀ pé mi ò lẹ́nu ẹ̀bẹ̀. Ṣùgbọ́n bí ẹ bá gbà, ẹ máa tẹ ohun tí ẹ fẹ́ sọ, kí n máa fi ohùn tèmi gbà á síbẹ̀ fún yín. Ó ṣáà sàn ju ti àlejò yẹn lọ."

Bàbá wò ó pẹ́. Lẹ́yìn náà ó dìde, ó lọ gbé kúbùsù.

Iṣẹ́ wá dé. Olùkéde kì í fẹ̀yìn tì. Bàbá á tẹ gbólóhùn kan, Kíákíá á kà á, bó bá sì sáré, bàbá á fi ìka lu tábìlì: tún un sọ. Lórí "Ẹ káàárọ̀" nìkan, ó tún un sọ títí ọ̀fun rẹ̀ fi gbẹ. Oòrùn mú, abẹ́ kúbùsù gbóná, aṣọ rẹ̀ rin gbingbin. Ọmọ tó ń wẹ̀ tán kí ọṣẹ tó hó wá ń fi sùúrù pe ọ̀rọ̀ kọ̀ọ̀kan, ó ń dúró níbi tó yẹ kó dúró. Àní ó gba ikọ́ tí wọ́n fi ń lé àlejò pàápàá, bàbá sì rẹ́rìn-ín tí kò ní ìró, èjìká rẹ̀ ń gbọ̀n.

Nígbà tó rẹ àwọn méjèèjì tán, bàbá tẹ gbólóhùn kan sí i, ó yí ojú kọ̀ǹpútà sí i. Kíákíá la ẹnu láti kà á, ẹnu rẹ̀ sì wà ní ṣíṣí bẹ́ẹ̀. Ohun tí bàbá kọ ni pé: "Kíákíá, mo ti dárí jì ọ́. Lọ jẹun."

"Bàámi, mi ò lè ka èyí."

Bàbá fi ìka lu tábìlì.

Ó kà á, ẹkún gba ohùn náà mọ́ ọn lẹ́nu. Bàbá tún lu tábìlì. Ó tún un kà, díẹ̀díẹ̀, títí gbogbo ọ̀rọ̀ fi já gaara. Àpótí kékeré kan yọ, ó ń béèrè bóyá kí òun tọ́jú ohùn yìí. Kíákíá ka ìbéèrè náà láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin. Ó tún un kà, kó tó tẹ "Bẹ́ẹ̀ ni". Ìyá, tó dúró lẹ́nu ilẹ̀kùn, ti mú fíláàṣì dání.

Ẹyin lohùn, bó bá balẹ̀, fífọ́ ní ń fọ́. Ẹ̀yin ọ̀dọ́ tí ẹ ń ka ìtàn yìí, áàpù tí a yọ lónìí, a lè dá a padà lónìí náà, ṣùgbọ́n kò sẹ́ni tó lè bá wa dá ohun tí ẹlòmíràn kó síbẹ̀ padà. Bí kọ̀ǹpútà bá bi yín ní ìbéèrè, ẹ kà á tán. Bí nǹkan ọ̀hún kì í bá ṣe tiyín, ẹ bi olóhun, bó tilẹ̀ jẹ́ pé ó ń sùn, bó tilẹ̀ jẹ́ pé gbogbo kíláàsì ń wojú yín. Ohun tí a bá fẹ̀sọ̀ mú kì í bàjẹ́.

Bàbá na ọwọ́ sí bọ́tìnì tuntun náà, ó tẹ̀ ẹ́. Kíákíá gbọ́ ohùn ara rẹ̀ tó ń sọ̀rọ̀ bàbá rẹ̀ fún un. Bó ṣe rò pé ó ti tán, bàbá tún un tẹ̀. Kíákíá nu ojú rẹ̀, ó dìde, ó lọ jẹun.