Omi Inú Ìgò Oògùn Bàbá Aránṣọ

Omi lásán ni dókítà bá nínú ìgò oògùn Bàbá Aránṣọ. Ó fà á sínú abẹ́rẹ́, ó kán an sẹ́yìn ọwọ́, ó gbé e sí imú. Oògùn àtọ̀gbẹ ní òórùn kan tó jọ ti ọ̀dẹ̀dẹ̀ ilé ìwòsàn, ẹni tó bá ti gbọ́ ọ rí kì í gbàgbé. Èyí kò rùn rárá. Dókítà gbé ìgò náà sílẹ̀ jẹ́jẹ́, ó ní kí wọ́n bá òun pe ọlọ́pàá.

Bàbá Aránṣọ fúnra rẹ̀ wà lórí ibùsùn ní yàrá kejì, kò mọ ẹni tó wọlé, kò mọ ẹni tó jáde. Láàárọ̀ ọjọ́ náà ni ìyàwó ọmọ rẹ̀ gbé omi ìwẹ̀ lọ fún un, tó bá a lórí àga nídìí ẹ̀rọ ìránṣọ rẹ̀ àtijọ́, èyí tí ojú rẹ̀ tó ti bàjẹ́ kò jẹ́ kó lè lò mọ́. Ẹnu bàbá gbẹ bí igbá. Ó pè é títí, kò dáhùn. Nígbà tí wọ́n fi máa gbé e délé ìwòsàn, ṣúgà inú ẹ̀jẹ̀ rẹ̀ ti pọ̀ débi pé ẹ̀rọ wọn kò lè kà á mọ́.

Ohun tó sọ ọ̀rọ̀ náà di àdììtú ni fóònù. Ọmọ bàbá, tó ń ṣiṣẹ́ ní ìlú mìíràn, ló fi áàpù kan sórí fóònù bàbá rẹ̀. Ní àràárọ̀, wọ́n á gún bàbá ní ìka, wọ́n á kán ẹ̀jẹ̀ rẹ̀ sí ẹnu ẹ̀rọ kékeré kan, ẹ̀rọ á sọ iye ṣúgà fún fóònù, fóònù á sì fi ránṣẹ́ sí ọmọ àti sí ilé ìwòsàn. Bí ara bá dá, áàpù á fi àwọ̀ ewé hàn. Bí kò bá dá, á fi pupa hàn. Títí di àná, yàtọ̀ sí ọjọ́ kan péré, àwọ̀ ewé ló ń fi hàn.

Ọ̀gá ọlọ́pàá tí wọ́n rán wá jẹ́ obìnrin tó ti ń sún mọ́ ìfẹ̀yìntì. Ìyá Pẹ̀lẹ́ ni gbogbo àgọ́ ń pè é, nítorí kì í pariwo mọ́ ẹnikẹ́ni. Àwọn olè àtijọ́ a máa sọ pé bí ọ̀gá mìíràn bá gbá ọ létí, o ṣì lè sùn nílé rẹ. Ṣùgbọ́n bí Ìyá Pẹ̀lẹ́ bá ti kí ọ ní pẹ̀lẹ́ lẹ́ẹ̀mejì, kí o yáa ránṣẹ́ sílé pé kí wọ́n má fi oúnjẹ dè ọ́.

Àbúrò Bàbá Aránṣọ ló pàdé rẹ̀ lẹ́nu ọ̀nà ilé bàbá. Bàbá Kékeré ni wọ́n ń pè é nínú ilé. Ọkùnrin tó sanra níwọ̀n ni, aṣọ awakọ̀ sì wà lọ́rùn rẹ̀.

"Ọ̀gá, ẹ má wulẹ̀ dá ara yín láàmú," ó ní, kó tó fún un níjòkòó. "Àwa mẹ́ta là ń gbé ilé yìí: ẹ̀gbọ́n mi, èmi, àti ìyàwó ọmọ wa. Ta ló ń gún ẹ̀gbọ́n mi lábẹ́rẹ́? Òun ni. Ta ló ń mú oògùn jáde nínú fíríìjì? Òun náà ni. Èmi, ẹ̀jẹ̀ nìkan ni mò ń yẹ̀ wò. Iṣẹ́ mi wà nínú fóònù, gbogbo ayé ló ń rí i. Títí di àná, ara ẹ̀gbọ́n mi le. Ẹni tó bu omi sínú oògùn, àná ló bù ú. Mo sì wà lẹ́nu iṣẹ́ lánàá láti àárọ̀ ṣúlẹ̀."

"Kí ni yóò mú un ṣe irú nǹkan bẹ́ẹ̀?"

"Ìtọ́jú bàbá ti sú u. Ọ̀dọ̀ ọkọ rẹ̀ ló fẹ́ lọ. Ọ̀gá, àjẹ́ ké lánàá, ọmọ kú lónìí. Ta ni kò mọ̀ pé àjẹ́ àná ló pa ọmọ jẹ?"

"Ẹ pẹ̀lẹ́ o, Bàbá Kékeré," Ìyá Pẹ̀lẹ́ wí.

Bó ti sọ bẹ́ẹ̀ ni nǹkan bẹ̀rẹ̀ sí í han nínú àpò ọ̀gá ọlọ́pàá náà. Ó yọ fóònù tirẹ̀, ó tẹ̀ ẹ́ mọ́lẹ̀.

"Ẹ má bínú. Ẹ̀jẹ̀ ríru ni tèmi. Bí n kò bá tíì lo oògùn, áàpù yìí á máa ké bí ọmọ tí wọ́n gba ọmú lẹ́nu rẹ̀. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ bùn mi lómi."

Bàbá Kékeré gbé ife omi wá. Bó ti ń nawọ́ ife náà sí i, Ìyá Pẹ̀lẹ́ rí àmì dúdú wínníwínní létí àwọn ìka rẹ̀, lọ́tùn-ún lósì. Ó gbé oògùn mì, ó dúpẹ́, ó bi í bóyá iṣẹ́ awakọ̀ ń lọ déédéé.

"Ó ń lọ. Bọ́ọ̀sì ilé iṣẹ́ ńlá ni mò ń wà, òṣìṣẹ́ ni mò ń kó. Wọn kì í gba ẹni tára rẹ̀ kò dá síbẹ̀," ó ní, ó sì gbé àyà sókè díẹ̀.

Ìyá Pẹ̀lẹ́ bá ìyàwó ọmọ bàbá, tí gbogbo ilé ń pè ní Ìyàwó, ní ilé ìdáná. Àwo kan náà ló ń fọ̀, tó ń ṣan, tó tún ń fọ̀.

"Màmá, ṣé ẹ wá mú mi ni?"

"Ẹni tó bá wá mú èèyàn kì í wá àga. Níbo ni àga wà?"

Ìyàwó fẹ́ rẹ́rìn-ín, ẹkún ló jáde. Ó fa àga fún un. "Ọkọ mi pè mí láàárọ̀. Kò bi mí pé kí ló ṣe bàbá òun. Ohun tó bi mí ni pé, 'Kí lo ṣe fún bàbá mi?' Ó ní òun ń bọ̀ lónìí. Màmá, bí wọn kò bá rí ẹni tó ṣe é, mo ti kúrò nílé yìí nìyẹn, bí mi ò bá tilẹ̀ dé ẹ̀wọ̀n."

"Bàbá ńkọ́? Báwo ni ara rẹ̀ ṣe rí kó tó di òní?"

"Ó ti pẹ́ tí n kò ti gba tara rẹ̀ gbọ́. Ó ń mu omi bí ilẹ̀ iyanrìn, ó ń tọ̀ ní gbogbo ìgbà, ó sì ti rù débi pé ẹ̀wù ń bọ́ lára rẹ̀. Mo sọ fún Bàbá Kékeré, ó na fóònù sí mi lójú: 'Ṣé o mọ̀ ju fóònù lọ ni, ìyàwó wa?' Mo sọ fún ọkọ mi, ó ní àwọ̀ ewé lòun ń rí. Mo ní kí n fọwọ́ ara mi yẹ ẹ̀jẹ̀ bàbá wò lọ́jọ́ kan, Bàbá Kékeré ní ọwọ́ méjì á da iṣẹ́ náà rú. Òtítọ́ dọ́jà ó kùtà, Màmá. Owó lọ́wọ́ là ń ra èké."

"Oògùn tí ò ń gún fún un ńkọ́? Ṣé ó ń rùn?"

Ìyàwó fọwọ́ kan imú ara rẹ̀. "Ó ń rùn tẹ́lẹ̀. Nígbà tó yá, n kò gbọ́ òórùn rẹ̀ mọ́. Mo rò pé ọ̀fìnkìn ló di mí nímú."

Ìyá Pẹ̀lẹ́ ṣí áàpù orí fóònù bàbá. Áàpù náà máa ń fa ìlà kan tó ń gòkè tó ń sọ̀ kalẹ̀ bí ọ̀nà orí òkè. Ní àárọ̀ ọjọ́ Ajé kan láìpẹ́ yìí, ìlà náà ta sókè gan-an, lẹ́yìn náà ó tún rọra wálẹ̀.

"Kí ni bàbá jẹ ní alẹ́ Àìkú yẹn, tí ṣúgà fi ga tó báyìí?"

"Alẹ́ Àìkú yẹn?" Ìyàwó ronú. "Bàbá kò fẹnu kan nǹkan kan. Inú ń run ún. Bàbá Kékeré ló jẹun, wọ́n se àpèjẹ níbi iṣẹ́ wọn. Ó tilẹ̀ gbé kéèkì bọ̀ wálé, orí ìdúró ló ti jẹ ẹ́ tán. Kò fi ti ẹnikẹ́ni sílẹ̀."

"Ọ̀fun wa kì í jọra," Ìyá Pẹ̀lẹ́ wí, ó sì dìde.

Lójú ọ̀nà ló ti pe dókítà. "Dókítà, ṣé omi tí wọ́n gún fún un lánàá nìkan lè mú kí bàbá gbẹ tó báyìí?"

"Rárá o. Mo ti yẹ ẹ̀jẹ̀ rẹ̀ wò lọ́nà mìíràn, èyí tó ń sọ bí ṣúgà ti rí láti bí oṣù mélòó kan. Ó ti ń ga tipẹ́. Fóònù ń sọ tirẹ̀, ẹ̀jẹ̀ ń sọ tirẹ̀."

"Èwo ni ká gbà gbọ́?"

"Ẹ̀jẹ̀ ni, Màmá. Áàpù yẹn dára, ó ti gba ẹ̀mí ọ̀pọ̀ èèyàn là lójú mi. Ṣùgbọ́n kò lójú. Èyí tí wọ́n bá kán fún un ló ń kà."

Ní òwúrọ̀ kùtù ọjọ́ kejì, Ìyá Pẹ̀lẹ́ kó gbogbo wọn jọ sí pálọ̀. Ọmọ bàbá ti dé. Ó jókòó jìnnà sí ìyàwó rẹ̀. Dókítà ti ránṣẹ́ pé bàbá la ojú lóru, pé ó béèrè omi. Ìyá Pẹ̀lẹ́ gbé ẹ̀rọ ayẹ̀ṣúgàwò tuntun sórí tábìlì, ó kọ́kọ́ gún ìka ara rẹ̀. Ó kà á sókè: ó dára. Ọmọ na ọwọ́: ó dára. Ìyàwó na ọwọ́: ó dára.

"Ó ku ẹ̀yin, Bàbá Kékeré."

"Èmi kò ṣàìsàn. N kò ní na ọwọ́. Ẹ̀gbọ́n mi ló ń ṣàìsàn, ọ̀daràn sì jókòó síbẹ̀ yẹn, ẹ ń gún wa níka kiri!" Ó dìde, ó tún jókòó. Fáànù ń fẹ́, síbẹ̀ òógùn bo iwájú rẹ̀. Ó fẹ́ nu ún, ọwọ́ rẹ̀ ń gbọ̀n, kò rí ojú ara rẹ̀ bà. "Ẹ ní kí... kí wọ́n..." Ọ̀rọ̀ náà fà lẹ́nu rẹ̀ bí ti ọ̀mùtí.

"Ẹ wò ó!" ọmọ bàbá kígbe. "Ẹ̀rù ti ń bà á!"

"Ẹ̀rù kọ́!" Ìyàwó ti dìde. "Ṣúgà rẹ̀ ló ń lọ sílẹ̀! Bó ṣe máa ń ṣe bàbá nìyẹn bó bá gba abẹ́rẹ́ tí kò jẹun!"

Ó sáré wọ ilé ìdáná, ó po ṣúgà mọ́ omi, ó gbé orí Bàbá Kékeré lé apá, ó ń rọ ọ́ fún un díẹ̀díẹ̀. "Ẹ gbé e mì. Ẹ rọra. Ẹ tún gbé e mì." Ìyá Pẹ̀lẹ́ mú ọwọ́ rẹ̀ tó ń gbọ̀n, ó gún un, ó ka ẹ̀rọ, ó sì gbé e kí gbogbo wọn rí i. Ṣúgà rẹ̀ kéré ju ti ọmọdé tí ebi pa lọ.

Nígbà tí ara ọkùnrin náà padà bọ̀ sípò, Ìyá Pẹ̀lẹ́ fa àga sún mọ́ ọn.

"N kò mọ̀ pé ẹ kò tíì jẹun, ǹ bá ti jẹ́ kí ẹ jẹun. Ẹ pẹ̀lẹ́, Bàbá Kékeré."

Ó yíjú sí ọmọ bàbá. "Dókítà ní ṣúgà bàbá rẹ ti ń ga láti ọjọ́ pípẹ́. Fóònù ní kò ga. Nígbà náà, ẹ̀jẹ̀ ẹlòmíràn ni fóònù ń kà. Ẹ̀jẹ̀ ta ni? Ẹni tó jẹ kéèkì. Bàbá kò jẹun lálẹ́ Àìkú yẹn, ìlà sì fò sókè. Ẹni tára rẹ̀ dá, kéèkì alẹ́ kì í bá a dé àárọ̀ báyẹn. Alátọ̀gbẹ tí kò gba oògùn, tirẹ̀ kì í tún sọ̀ kalẹ̀ wọ́ọ́rọ́wọ́. Alátọ̀gbẹ tó ń gba oògùn ló ni ẹ̀jẹ̀ yẹn. Oògùn ta wá ni ó ń gbà? Mo rí ojú abẹ́rẹ́ létí ìka rẹ̀ níjọ́ àkọ́kọ́, mo dákẹ́. Ó ń gún bàbá kí bàbá lè mọ̀ pé wọ́n gún òun, ṣùgbọ́n ẹ̀jẹ̀ tirẹ̀ ló ń kán. Ojú bàbá kò ríran mọ́ tó láti mọ̀."

Bàbá Kékeré wo ilẹ̀. "Díẹ̀ ni mo kọ́kọ́ ń bù," ó ní, ohùn rẹ̀ wálẹ̀. "Mo ń fi omi dí i. Mo ní yóò tó àwa méjèèjì. Bí orúkọ mi bá wọ ìwé alátọ̀gbẹ nílé ìwòsàn, ilé iṣẹ́ á gbọ́, wọ́n á gba kọ́kọ́rọ́ bọ́ọ̀sì lọ́wọ́ mi. Kí ni mo tún mọ̀ ọ́n ṣe? Nígbà tó yá, díẹ̀ kò tó mi mọ́, mo wá ń fà á tán sínú ìgò tèmi. N kò fẹ́ kó kú, ẹ̀gbọ́n mi ni."

"Ẹ sì fi mí lé wọn lọ́wọ́," Ìyàwó wí.

 Ọmọ bàbá dìde, ó fẹ́ bá ìyàwó rẹ̀ sọ̀rọ̀. Ìyàwó gbé ọwọ́ sókè, ó ní kó dúró ná.

Nígbà tí Bàbá Kékeré jẹun tán, Ìyá Pẹ̀lẹ́ mú un lápá. Ọkùnrin náà dúró lẹ́nu ọ̀nà, ó wo ìyàwó ọmọ ẹ̀gbọ́n rẹ̀.

"Gbogbo ohun tí mo sọ sí ọ yẹn... kí ló dé tí o fi fún mi lómi ṣúgà?"

"Bí mo bá jẹ́ kí ẹ kú," Ìyàwó dá a lóhùn, "ta ni ì bá sọ fún Bàbá pé èmi kọ́?"

Ìyá Pẹ̀lẹ́ sọ fún awakọ̀ ọlọ́pàá pé kó má tíì dorí kọ àgọ́. Ilé ìwòsàn ni wọ́n kọ́kọ́ gbà lọ. Ìyàwó jókòó síwájú, Bàbá Kékeré jókòó sẹ́yìn, ó ń ṣètò ọ̀rọ̀ tí yóò sọ fún ẹ̀gbọ́n rẹ̀ lẹ́nu, kò rí ibi tí yóò ti mú un bẹ̀rẹ̀.