Yàrá Aláwọ̀ Aró

Ẹ̀gbọ́n ló kọ́kọ́ ṣe yàrá ìmọ́lẹ̀, iṣẹ́ ọnà tí ènìyàn ń wọnú rẹ̀ wò, nínú ilé ẹ̀yìn bàbá wọn, pẹ̀lú gílóòbù àti aṣọ funfun. Àbúrò ló gbé e jáde fún aráyé, tó ní iṣẹ́ ọwọ́ òun ni. Bẹ́ẹ̀ ni àbúrò ṣe di olókìkí tí gbogbo ènìyàn ń pè ní Ìmọ́lẹ̀, tí ẹ̀gbọ́n sì di ẹni tó ń so wáyà fún un.

Ní òwúrọ̀ ọjọ́ tí wọ́n fẹ́ ṣí yàrá tuntun, wọ́n bá òkú ẹ̀gbọ́n lẹ́bàá àkàbà nínú rẹ̀. Ọ̀gá ọ̀tẹlẹ̀múyẹ́ wọlé. Yàrá náà kò ní fèrèsé. Ògiri, àjà àti ilẹ̀ ń tàn ní àwọ̀ aró, bíi pé ènìyàn rì sódò. Nǹkan dúdú bí ọ́ìlì mọ́tò wà lórí òkú náà. Ọ̀gá fi ìka kàn án. Ó jáde sí ọ̀dẹ̀dẹ̀, ó wo ìka rẹ̀ nínú ìmọ́lẹ̀ òwúrọ̀, ó sì nù ún.

"Ta ló kọ́kọ́ rí i?"

"Èmi ni," Ìmọ́lẹ̀ dáhùn. "Mo ṣílẹ̀kùn, mo rí ẹ̀jẹ̀ pupa fòò lórí ẹ̀gbọ́n mi. N kò tilẹ̀ wọlé tí mo fi sáré pè yín. Ó dájú pé ó ń so wáyà, ló bá ṣubú."

"Iná wo ló ń tàn nígbà yẹn?"

"Èyí tí ẹ bá náà ni. Láti àná ni, ẹnikẹ́ni ò fọwọ́ kàn án."

Ìyàwó olóògbé jókòó sórí rólù wáyà ní ọ̀dẹ̀dẹ̀ náà, ó wé gèlè tó pupa bí epo. "Ohun kan ṣoṣo ni ọkọ mi ń bẹ̀bẹ̀ fún," ó sọ fún ọ̀gá, "kí àbúrò rẹ̀ sọ ẹni tó ni iṣẹ́ yìí lójú gbogbo ènìyàn lónìí. Ó ní bí kò bá sọ ọ́, òun á sọ ọ́ fúnra òun." Ó yíjú sí Ìmọ́lẹ̀. "Àbí mo purọ́, ọkọ mi?"

"Ìyàwó wa, ọ̀rọ̀ àtijọ́ nìyẹn."

"Ẹni tó yàgbẹ́ ló ń gbàgbé. Ẹni tó kó o kì í gbàgbé."

Nígbà tí wọ́n gbé òkú lọ tán, ọ̀gá kó àwọn méjèèjì wọ yàrá náà.

"Ìmọ́lẹ̀, àwọ̀ wo ni gèlè ìyàwó yín?"

Ìmọ́lẹ̀ yíjú wò ó. Gèlè náà ti dúdú bí èédú.

"Pupa kì í pupa nínú iná yìí," ni ọ̀gá wí. "Ẹni tó dúró lẹ́nu ọ̀nà kò lè rí ẹ̀jẹ̀ pupa. Oníwáyà wo ló sì máa gun àkàbà níbi tí wáyà pupa àti dúdú ti jọra? Iná funfun ló fi ń ṣiṣẹ́ nígbà tó ṣubú, ẹ̀yin sì wà níbẹ̀. Ẹ̀yin lẹ tan iná aró lẹ́yìn náà, ká lè rò pé ìmọ́lẹ̀ bàìbàì ló jẹ́ kó ṣi ẹsẹ̀ gbé. Ohun tí ẹ rí nínú iná funfun kò kàn kúrò lójú yín ni."

"Mo ti àkàbà," ni Ìmọ́lẹ̀ sọ.

"Ìyẹn nìkan kọ́ ni mo fẹ́ gbọ́," obìnrin náà wí. Ó lọ ṣí ilẹ̀kùn sílẹ̀ gbayawu. Gbogbo òṣìṣẹ́ dúró sí ọ̀dẹ̀dẹ̀.

Ìmọ́lẹ̀ wò wọ́n, ó wo ilẹ̀.

"Ẹ̀gbọ́n mi ló ṣe é. Ti àkọ́kọ́, àti gbogbo èyí tó tẹ̀lé e. N kò ṣe ọ̀kan rí."