Ọ̀nà Tí Ọ̀bẹ Gbà

Ọṣẹ ti pín sí méjì kí Ó-yé-mi tó mọ̀ pé òun ti bà á jẹ́. Inú páìpù ni ìyá rẹ̀ máa ń da ọṣẹ sí kó lè dì, ohun tó sì ní kí ọmọ náà ṣe kò ju pé kó gé e ní ìbú, kí ọ̀kọ̀ọ̀kan rí róbótó bí ìdérí ìgò. Ṣùgbọ́n orin ìdánwò ló wà lẹ́nu ọmọ yìí, ó sì fi ọ̀bẹ la ọ̀pá ọṣẹ ní òòró látòkè délẹ̀.

Orin ọ̀hún kò gùn: "Páìpù, róbótó. Kóònù, onígun mẹ́ta." Ọ̀rẹ́ rẹ̀ tí wọ́n ń pè ní Pẹ́lẹ́bẹ́ ló kọ́ ọ. Ó gbọ́ ọ lẹ́nu àwọn ọmọ kíláàsì kejì tó ti ṣe ìdánwò náà ṣáájú wọn, ó sì ní ohun tí tíṣà ìṣirò máa béèrè lọ́la nìyẹn: bí a bá gé nǹkan, báwo ni ojú ibi tí a gé ṣe máa rí? Ó-yé-mi ti fìdí rẹmi nínú rẹ̀ rí. Bó bá tún fìdí rẹmi, wọ́n á yọ ọ́ kúrò ní kíláàsì sáyẹ́ǹsì, bẹ́ẹ̀ iṣẹ́ àwọn tó ń yàwòrán ilé ló wù ú láti kékeré.

Ẹ lè ní kí ló dé tí kò bi tíṣà. Ẹ ò rí orúkọ rẹ̀ ni? Àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ ló sọ ọ́ bẹ́ẹ̀, torí bí tíṣà bá ti ní ṣé ó yé wọn, òun ló máa ń kọ́kọ́ dáhùn pé ó yé òun, nígbà tí kò sí nǹkan kan tó yé e. Wọ́n ti fi ìbéèrè rẹ̀ ṣe yẹ̀yẹ́ nígbà kan, ó sì ti gbà láti ìgbà náà pé irọ́ sàn ju ìtìjú lọ.

Ó wo ọṣẹ tó là. Inú páìpù ni wọ́n ti yọ ọ́, ṣùgbọ́n onígun mẹ́rin gbọọrọ ló ń wò ó lójú yìí. Ó mú ọ̀pá mìíràn, ó gé e ní ìbú: róbótó. Ó tún gé e ní ìdagẹ̀rẹ́: ojú ọṣẹ gùn bí ẹyin. Ọṣẹ kan náà ni o. Orin Pẹ́lẹ́bẹ́ kò sì sọ ibi tí ọ̀bẹ gbà rárá.

Ìyá rẹ̀ wọlé, ó bi í pé kí ni ọṣẹ fi ṣẹ̀ ẹ́. Irọ́ ti dé ètè Ó-yé-mi, àmọ́ irọ́ ti sú u. Ó sọ gbogbo rẹ̀, títí kan orin jíjí gbọ́ náà.

"Ọṣẹ tó bàjẹ́, màá tún un yọ́," ni ìyá rẹ̀ wí. "Irọ́ tí ò ń pa fún tíṣà yín ńkọ́, ta ló máa bá ọ tún un yọ́? Abéèrè kì í ṣìnà, ọmọ mi. Lọ sọ fún un."

Nígbà tó di àárọ̀, ó gbé ọṣẹ tó gé sínú ọ̀rá, ó sì lọ bá tíṣà ní ọ́fíìsì.

"Kò yé mi, sà. Kò tiẹ̀ yé mi rí."

Ó rò pé tíṣà máa jágbe mọ́ òun. Àga ni tíṣà fà fún un. Ó yẹ àwọn ọṣẹ náà wò, ó rẹ́rìn-ín, ó wá ká bébà kan bíi kóònù, bí èyí tí wọ́n fi ń di ẹ̀pà. Ó ní bí òun bá fi ọ̀bẹ là á láti ṣóńṣó wá sílẹ̀ ńkọ́? Ó-yé-mi ní onígun mẹ́ta.

"Bí mo bá gé e ní ìbú ńkọ́?"

Ó di ojú, ó rí ọ̀bẹ tó ń kọjá. "Róbótó, sà."

"Ó ti wá yé ọ nìyẹn," ni tíṣà wí. Ara Ó-yé-mi fúyẹ́.

Kí wọ́n tó wọlé ìdánwò, ó kìlọ̀ fún Pẹ́lẹ́bẹ́ pé orin náà kò sọ ibi tí ọ̀bẹ gbà, ìyẹn sì fi í ṣe yẹ̀yẹ́. Àṣé tíṣà ti yí ọ̀nà ọ̀bẹ padà nínú ìbéèrè: páìpù ní òòró, kóònù ní ìbú. Ó-yé-mi yege. Pẹ́lẹ́bẹ́ kọ orin rẹ̀ sílẹ̀ bó ṣe kọ́ ọ, ó sì fìdí rẹmi pátápátá. Àánú rẹ̀ ṣe Ó-yé-mi, ó sì mú un lọ sílé lọ gé ọṣẹ kó tó di pé wọ́n tún ìdánwò náà ṣe fún un.

Nígbà tí tíṣà tún béèrè ní kíláàsì pé ṣé ó yé wọn, gbogbo ojú yí sí Ó-yé-mi. Ó nawọ́ sókè, ó ní ibì kan kò tíì yé òun. Kò sẹ́ni tó rẹ́rìn-ín. Pẹ́lẹ́bẹ́ náà rọra na tirẹ̀. Ìtìjú ẹni tó béèrè kì í pẹ́ lọ, ti ẹni tó ń díbọ́n ló ń bá a dé gbọ̀ngàn ìdánwò.