Tẹlifíṣọ̀n Tí Kò Fà Mọ́

Ohun tí ẹ fẹ́ kà yìí ṣẹlẹ̀. N kò bù mọ́ ọn, n kò sì bù kúrò níbẹ̀. Ẹni tó bá fẹ́ pè é ní irọ́, kó kọ́kọ́ kà á tán, kó wá fi ìka tọ́ka ibi tí irọ́ náà ti bẹ̀rẹ̀.

Obìnrin kan wà tó ń wa kireeni ní èbúté, ẹ̀rọ gígùn nnì tó máa ń gbé àpótí irin kúrò nínú ọkọ̀ ojú omi. Ọdún mọ́kàndínlógún ló fi jókòó lókè níbẹ̀, nínú yàrá gíláàsì tí kò ju kọ́bọ́ọ̀dù lọ, tó ń wo àwọn ènìyàn nísàlẹ̀ bí èèrà. Ọ̀gá Òkè ni gbogbo èbúté ń pè é. Lọ́dún kọkàndínlógún náà, àìsàn kan dá a wó. Ó dìde, a dúpẹ́, ṣùgbọ́n àìsàn náà kò kó ẹrù rẹ̀ lọ tán. Ọwọ́ ọ̀tún rẹ̀ ń lọ́ra. Bó bá ní kó di nǹkan mú, àfi bí ẹni pé ọwọ́ náà á kọ́kọ́ ronú sí i.

Ẹni tí ọwọ́ rẹ̀ ń ronú kò gbọdọ̀ gun kireeni. Ènìyàn wà nísàlẹ̀. Ìdí nìyẹn tí wọ́n fi ń ṣe ìdánwò fún wọn: pátákó kan tó ní gílóòbù mẹ́sàn-án, bọ́tìnnì kan lábẹ́ ọ̀kọ̀ọ̀kan. Gílóòbù á tàn. O gbọ́dọ̀ tẹ bọ́tìnnì rẹ̀ kó tó kú. Ọ̀gá Òkè ti kùnà lẹ́ẹ̀mejì. Ẹ̀ẹ̀kẹta ni àṣekágbá, lọ́jọ́ Ẹtì, aago mẹ́wàá òwúrọ̀. Bó bá tún kùnà, ó di kó máa gbálẹ̀ lábẹ́ kireeni tí òun fúnra rẹ̀ ń wà tẹ́lẹ̀.

"Bí wọ́n bá fún mi ní ìgbálẹ̀," ó sọ fún ọkọ rẹ̀, "mo kú nìyẹn. Ẹ kàn máa pè mí ní òkú tó ń rìn."

"Òkú kì í jẹun tó báyìí," ni ọkọ rẹ̀ fèsì, ó ń wo àwo iwájú rẹ̀.

Sáyẹ́ǹsì ni ọkọ rẹ̀ ń kọ́ àwọn ọmọ nílé ẹ̀kọ́, Tíṣà náà ni ìyàwó ń pè é. Òun ló rántí ẹ̀rọ géèmù tí ọmọ wọn obìnrin fi sílẹ̀ nígbà tó lọ sílé ọkọ. Ó gbé e jáde nínú páálí, ó so ó mọ́ tẹlifíṣọ̀n àtijọ́ tó wà ní pálọ̀, pé kí ìyàwó òun máa fi eré kọ́ ọwọ́ rẹ̀. Eré náà kò le. Ọkùnrin kékeré kan ń sáré, kòtò wà lọ́nà rẹ̀. O tẹ bọ́tìnnì, ó fò. Ọ̀gá Òkè tẹ̀ ẹ́. Ọkùnrin náà já sí kòtò. Ó tún tẹ̀ ẹ́. Kòtò.

"O pẹ́," ni Tíṣà wí.

"N kò pẹ́! Mo tẹ̀ ẹ́, Tíṣà. Ẹ wo àtàǹpàkò mi. Òun ni kò fò."

Tíṣà gba páàdì, ohun tí wọ́n fi ń darí eré náà, lọ́wọ́ rẹ̀, ó fi ọwọ́ tirẹ̀ tó yá kánkán tẹ̀ ẹ́. Òun náà já sí kòtò.

Wọ́n pe àbúrò ìyàwó lórí fóònù, ọkùnrin kan tó ń tún tẹlifíṣọ̀n ṣe, tí gbogbo ènìyàn ń pè ní Wáyà.

"Ó ń fà ni," ni Wáyà wí. "Àwọn tẹlifíṣọ̀n pẹlẹbẹ àkọ́kọ́ yẹn, gbogbo wọn ló ń fà. Ẹ ti tẹ bọ́tìnnì o, àwòrán ti dé inú rẹ̀ o, ṣùgbọ́n kò ní jẹ́ kó jáde. Á kọ́kọ́ kun àtíkè fún un. Bíi ẹ̀gbọ́n mi, bí ẹ bá ní kẹ́ ẹ jọ jáde."

"Mo gbọ́ ẹ o, Wáyà!"

"Ṣé irọ́ ni?"

Bó ṣe rí nìyí, ẹ fara balẹ̀. Àṣẹ tí ìka bá pa jọ lẹ́tà. Ó kúrò nínú páàdì, ó wọ ẹ̀rọ géèmù, ó gba inú wáyà dé tẹlifíṣọ̀n. Gbogbo ibùdó tó bá yà sí ni wọ́n ti ń dá a dúró díẹ̀. Páàdì tí kò ní wáyà ń dá a dúró. Àpótí kékeré tó ń so wáyà tuntun mọ́ ti àtijọ́ ń dá a dúró. Tẹlifíṣọ̀n gan-an ló burú jù, torí pé ó ń ṣe ojú àwòrán lóge kó tó fi í hàn. Ẹni tó bá fẹ́ kí lẹ́tà yá, kó máa yọ ibùdó kúrò lọ́nà ni.

Tíṣà kì í gba ohun tí kò bá wọ̀n gbọ́. Ó fi fóònù ya fídíò àtàǹpàkò ìyàwó rẹ̀ pọ̀ mọ́ tẹlifíṣọ̀n, ó wá ń wo fídíò náà ní fọ́tò kọ̀ọ̀kan. Láti ìgbà tí ìka tẹ bọ́tìnnì sí ìgbà tí ọkùnrin kékeré fò, fọ́tò mẹ́sàn-án. Ó kọ ọ́ sínú ìwé: 9.

Lọ́jọ́ Ajé, ó wọ inú ètò tẹlifíṣọ̀n, ó pa gbogbo oge: èyí tó ń mú ojú àwòrán mọ́ kedere, èyí tó ń mú àwọ̀ rẹ̀ dán, èyí tó ń mú ìrìn rẹ̀ jọ̀lọ̀. Ó kọ 5. Ó yọ àpótí kékeré, ó wá wáyà tó lọ tààrà. Ó kọ 3. Lọ́jọ́ Ìṣẹ́gun, ó rí páàdì oníwáyà rà. Ọ̀gá Òkè tẹ̀ ẹ́. Ọkùnrin kékeré fò. Ó tún fò. Ó tún fò. Tíṣà ka fọ́tò. Ó tún un kà. Ó bọ́ awò ojú rẹ̀, ó nù ún.

"Òdo," ó wí.

"Ṣebí ohun tí à ń wá nìyẹn?"

"A kì í dé òdo. Kò sí lẹ́tà tó ń dé ní kété tí a bá fi í ránṣẹ́. Ó yẹ kó ṣẹ́ ku díẹ̀."

Ìyàwó kò gbọ́. Ó ti fo ogójì kòtò. Omi wà lójú rẹ̀.

"Ọwọ́ mi ti dé, Tíṣà! Ọwọ́ mi ti padà wálé!"

Lọ́sàn-án ọjọ́ náà, ṣíbí bọ́ lọ́wọ́ rẹ̀ ní kíṣìnnì. Ó balẹ̀. Ó dùbúlẹ̀ síbẹ̀. Kò dún.

Lẹ́yìn náà ló dún.

Ọ̀gá Òkè dúró gbagidi. Ó mú ṣíbí nílẹ̀, ó tún jù ú sílẹ̀. Ó balẹ̀. Kẹ́kẹ́ pa. Ìgbà náà ló gbọ́ ọ. Ó pe ọkọ rẹ̀. Tíṣà ju ṣíbí náà sílẹ̀ lẹ́ẹ̀mẹta, ó ya fídíò rẹ̀. Nígbà tó ka fọ́tò tán, ó kọ nọ́ńbà kan sínú ìwé.

"Mẹ́sàn-án," ó wí.

"Kí ló túmọ̀ sí?"

"Mo máa ń bi àwọn ọmọ kíláàsì mi pé, bí a bá yọ mẹ́sàn-án nínú mẹ́sàn-án, níbo ni mẹ́sàn-án náà gbà lọ? Wọ́n á bú sẹ́rìn-ín." Òun kò rẹ́rìn-ín. "Jẹ́ ká dá gbogbo ẹ̀ padà sí bó ṣe wà."

"Ọjọ́ mẹ́ta ló kù!" Ó di apá ọkọ rẹ̀ mú. "Tíṣà, ẹ wò mí. Ṣíbí ló pẹ́ kó tó dún, kò pa ẹnikẹ́ni. Ẹ jẹ́ kí n lò ó dé ọjọ́ Ẹtì. Mo fi Ọlọ́run bẹ̀ yín."

Tíṣà wò ó títí. Ó gbà fún un.

Ní Ọjọ́rú, Ọ̀gá Òkè kò kúrò níwájú tẹlifíṣọ̀n. Ó tẹ̀, ó fò. Ó tẹ̀, ó fò. Yóò ti fò tó ẹgbẹ̀rún lọ́jọ́ náà. Nígbà tó di ìrọ̀lẹ́, ó lọ sí kíṣìnnì, ó mọ̀ọ́mọ̀ ju ṣíbí sílẹ̀. Ó dún lójú ẹsẹ̀. Ó mí kanlẹ̀. Ó rò pé ọ̀rọ̀ ti parí.

"Tíṣà, ṣé ẹ máa mu omi?"

Tíṣà ń máàkì ìwé, kò dáhùn. Ọ̀gá Òkè fọ abọ́. Ó nu tábìlì. Ó ti jókòó, ó ti ń nawọ́ sí páàdì.

"Bẹ́ẹ̀ ni, bù ú wá fún mi," ni Tíṣà wí.

"Ẹ ti ń darúgbó o!" Ó fi í ṣe yẹ̀yẹ́, ó rẹ́rìn-ín títí. Tíṣà kò rẹ́rìn-ín. Ó wá rẹ́rìn-ín nígbà tó yá, ẹ̀rín dídùn, ẹ̀rín ẹni tí ìyàwó rẹ̀ ń dá lápàárá, nígbà tí kò sí ẹ̀rín kankan nílẹ̀ mọ́.

Ní òwúrọ̀ Ọjọ́bọ̀, Ọ̀gá Òkè gbé àga kan kúrò lójú ọ̀nà yàrá. Tíṣà jáde wá. Nígbà tó dé ibẹ̀, ó yà, ó fi ẹ̀gbẹ́ rìn, ó gba ara ògiri kọjá. Ó ń yà fún àga tí kò sí níbẹ̀ mọ́.

Ọ̀gá Òkè wo àyè tí àga náà ti kúrò. Ó lọ bá a níbi tó jókòó sí, ó ju ọwọ́ síwá sẹ́yìn níwájú ojú rẹ̀. Ẹyinjú kò mì. Kì í ṣe ojú afọ́jú. Ojú ẹni tó ń ríran ni, ṣùgbọ́n ohun tó ń rí ti kọjá. Aago ara ògiri ń ṣiṣẹ́. Lẹ́yìn wákàtí kan àtààbọ̀, láìsí ẹnikẹ́ni níwájú rẹ̀, Tíṣà fà sẹ́yìn, ó ṣẹ́jú, bí ẹni tí wọ́n ju ọwọ́ níwájú rẹ̀.

Ọ̀gá Òkè sáré lọ sídìí tẹlifíṣọ̀n. Ó so àpótí kékeré padà. Ó ju páàdì oníwáyà sọnù, ó mú ti àkọ́kọ́. Ó tan gbogbo oge padà. Ó tẹ bọ́tìnnì. Ọkùnrin kékeré fò lójú ẹsẹ̀.

"Fà!" ó pariwo mọ́ ọn. "Fà, jọ̀ọ́! Fà!"

Ó fò.

Wáyà dé ní ọ̀sán. "Àna mi, ẹ kú ọ̀sán o! Ṣé ara le?" Tíṣà ń wo ògiri. "Ẹ̀ẹ́n-ẹ̀n? Àbí ẹ̀ ń bá mi jà ni?" Wáyà ń rẹ́rìn-ín, nígbà tó rí ojú ẹ̀gbọ́n rẹ̀, ẹ̀rín náà kú. Ó kúnlẹ̀, ó yẹ gbogbo wáyà wò lọ́kọ̀ọ̀kan.

"Ó yẹ kó máa fà, ẹ̀gbọ́n mi. Bó ṣe wà látijọ́ náà nìyí."

"Kí ló dé tí kò fà?"

"N kò mọ̀."

Ó yọ iná rẹ̀. Ojú tẹlifíṣọ̀n di dúdú. Tíṣà kò yí padà. Wáyà ní òun á lọ wá ẹnì kan tó mọ̀ ju òun lọ. Bó ṣe ń lọ, kò wẹ̀yìn.

Nígbà tí oòrùn ń wọ̀, Tíṣà yíjú sí àga òfìfo, ó rẹ́rìn-ín músẹ́.

"Ara le, a dúpẹ́. Ìwọ ńkọ́?" Ó dákẹ́ díẹ̀. "Èmi? Kí ni n óò máa bá ẹ jà fún?"

Ìgbà náà ni ọkàn obìnrin náà já. Ó rọ̀ mọ́ ọrùn ọkọ rẹ̀, ó ń mì í, ó ń sunkún, ó ń pè é. "Tíṣà! Tíṣà!" Ó pè é lẹ́ẹ̀meje. Lẹ́yìn ìkeje, ó fi ọwọ́ bo ẹnu ara rẹ̀.

Ó ti yé e. Akẹ́kọ̀ọ́ tí iṣẹ́ àṣetiléwá ti wọ̀ lọ́rùn, a kì í tún kó òmíràn lé e. Gbogbo ohùn tó bá dé etí Tíṣà, gbèsè ìdáhùn ni. Bí ẹnikẹ́ni kò bá fi kún un mọ́, bóyá á san án tán. Bóyá á lé òní bá.

Ó bọ́ bàtà. Ó pa fóònù. Ó fi aṣọ dí abẹ́ ilẹ̀kùn. Ó jókòó síwájú ọkọ rẹ̀, kò sì mira.

Ilẹ̀ ọjọ́ Ẹtì mọ́ bá wọn bẹ́ẹ̀. Nígbà tó di aago mẹ́jọ, ẹnu Tíṣà là.

"Hẹ́ẹ̀n?"

Ọ̀kan. Ọ̀gá Òkè fi ìka kan lé orúnkún.

"Kí ló dé?" Èjì. Ara Tíṣà bẹ̀rẹ̀ sí í mì, síwá, sẹ́yìn, láìsí ẹni tó dì í mú. "Mò ń gbọ́." Ẹ̀ta. Ó pẹ́ gan-an kí ẹ̀kẹrin tó dé.

Aago mẹ́wàá lù. Ní èbúté, wọ́n ti tan pátákó náà fún un. Ó mọ ohun tó ń fi sílẹ̀. Ilẹ̀kùn iwájú máa ń ké bí a bá ṣí i, igbe ilẹ̀kùn náà sì wà lára ohun tí ọkọ rẹ̀ máa gbọ́. Kò dìde. Àtàǹpàkò rẹ̀ ń tẹ orúnkún, ó ń tẹ̀ ẹ́, ó yá bí ìka ọ̀dọ́mọbìnrin.

"Má sunkún mọ́." Àrún. "Hẹ́ẹ̀n." Ẹ̀fà.

Ó kù díẹ̀ kí ọ̀sán pọ́n.

"Mo wà níbí," ni Tíṣà wí. Èje.

Ẹyinjú rẹ̀ wá yí díẹ̀díẹ̀, ó kúrò lára ògiri, ó dé ojú ìyàwó rẹ̀, ó dúró síbẹ̀. Ó wò ó. Ó wo ẹsẹ̀ rẹ̀ lásán, ó wo ìka méje tó nà sórí orúnkún. Òun gan-an ló ń wò, òun tòní. Obìnrin náà rẹ́rìn-ín músẹ́ láìdún. Ó ń dúró de ẹ̀rín tirẹ̀.

Tíṣà yí orí sí ilẹ̀kùn ẹ̀yìn. Ó tẹ́tí. Ó mi orí, bí ọmọ tí àgbà pè láti ọ̀nà jíjìn.

"Mo ti gbọ́ yín," ó wí. "Mò ń bọ̀."

Kò sí ẹni tó pè é. Ìka méje ló wà lórí orúnkún, kò sí ìkẹjọ. Tíṣà nawọ́ sí bàtà rẹ̀, ó wọ ọ̀kan, ó ń so okùn rẹ̀ wẹ́rẹ́wẹ́rẹ́. Obìnrin náà dìde. Ó la ẹnu, ó sì wà bẹ́ẹ̀, kò mọ̀ bóyá kí òun pè é, kó tún di gbèsè, tàbí kí òun jẹ́ kó máa lọ.